Ohun Tí Ìyá Ìbejì Sọ Láàárọ̀ Ọjọ́ Náà

Ẹ wá ibi fìdí lé ná. Ẹni tí ó bá ń kánjú lọ sí Dùgbẹ̀, kí ó máa lọ, a ó ríra nígbà tí ó bá dé. Ẹni tí ó bá ráyè, kí ó fa àga sún mọ́ mi, nítorí ohùn mi kò ròkè bíi ti àtijọ́ mọ́, ọ̀rọ̀ yìí kì í sì í ṣe èyí tí mo lè pariwo sọ.

Ọ̀rọ̀ iṣẹ́ mi ni. Iṣẹ́ kan ni mo fi ọjọ́ ayé mi ṣe tí àwọn ènìyàn kì í mọ̀ pé ẹnì kan ń ṣe é. Tí ẹ bá ń wo fíìmù Yorùbá, tí ẹ rí obìnrin tí ó ń bá ọkọ rẹ̀ jà nínú yàrá, ẹ ó ní, “Ẹ gbọ́ ẹnu obìnrin yìí!” Ẹ kì í béèrè ẹni tí ó fi ọ̀rọ̀ sí i lẹ́nu. Èmi ni mo máa ń fi í sí i.

Tíṣà ilé ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ ni mí ní Òkè-Àdó nígbà tí ó bẹ̀rẹ̀. Àwọn ẹgbẹ́ eléré ìgbà náà máa ń kó ẹrù sínú lọ́rì, wọn a máa ti ìlú kan bọ́ sí òmíràn, kò sì sí ẹni tí ń kọ ọ̀rọ̀ sílẹ̀ fún wọn. Ọ̀gá wọn á kó wọn jọ sẹ́yìn ọkọ̀, á ní, “Ìwọ ni ìyàwó àgbà. Ìwọ ni ìyàwó kékeré. Ìwọ ni o jí ẹran inú ìkòkò. Ó yá, ẹ máa lọ.” Ó parí. Ọ̀rọ̀ tí ó kù, ẹnu oníkálukú ni yóò ti wá. Bí àwọn òǹwòran bá rẹ́rìn-ín, wọ́n á fà á gùn. Bí wọ́n bá ń yán, wọ́n á gé e kúrú.

Àfi bí fíìmù ṣe dé. Fíìmù ìgbà náà kì í ṣe ti òde òní o. Ike ni, róòlù róòlù ni, òkè òkun ni wọ́n ti ń kó o wá, òkè òkun náà ni wọ́n sì ń gbé e padà sí kí wọ́n tó lè fọ̀ ọ́ kí àwòrán tó jáde. Ó wọ́n bí ojú. Kámẹ́rà náà sì ń ké bí ẹ̀rọ ìlọta, débi pé a ní láti fi kúbùsù wé e kí ariwo rẹ̀ má bàa bo ohùn àwọn òṣèré mọ́lẹ̀. Ẹ wá wo wàhálà: ọmọbìnrin kan wà nínú ẹgbẹ́ náà tí ó lè dúró lórí ìtàgé kí ó sunkún títí ẹ̀yin tí ẹ ń wò ó yóò fi lọ jẹun kí ẹ sì padà wá bá ẹkún lẹ́nu rẹ̀. Wọ́n gbé e síwájú kámẹ́rà. Ó bẹ̀rẹ̀ ẹkún. Róòlù tán kí ó tó dé ibi tí yóò ti sọ ẹni tí ó kú.

Ọ̀gá wọn wá mi wá sí ilé ìwé lọ́jọ́ kejì. Ó ti gbọ́ pé èmi ni mo ń kọ eré Kérésìmesì fún ṣọ́ọ̀ṣì wa.

“Tíṣà,” ó ní, “mo fẹ́ kí o bá mi pa wọ́n lẹ́nu mọ́.”

“Àwọn wo, sà?”

“Àwọn òṣèré mi. Kọ ohun tí wọ́n máa sọ. Tí wọ́n bá ti sọ ọ́ tán, kí wọ́n dákẹ́.”

Báyìí ni mo ṣe di òǹkọ̀wé fíìmù. Wọn kò gbà mí nítorí pé ọ̀rọ̀ dùn lẹ́nu mi. Wọ́n gbà mí kí ọ̀rọ̀ lè dín kù.

Mo ti fẹ́ ìyàwó nígbà náà. Tíṣà ni òun náà, ó ń kọ́ àwọn ọmọbìnrin ní ìránṣọ àti oúnjẹ sísè. Agbowó ni a ń gbé, nínú yàrá méjì, kí a tó bí ìbejì, kí a tó kó lọ sí Bódìjà. Ní ọ̀sán, tí òun náà bá ti ilé ìwé dé, yóò jókòó sídìí maṣíìnì ìránṣọ rẹ̀ lẹ́bàá fèrèsé, yóò máa fi ẹsẹ̀ wà á, èmi yóò sì jókòó sórí bẹ́ẹ̀dì, máa ka ohun tí mo kọ sí i létí. Kò ní wojú mi. Bí maṣíìnì náà bá ń lọ geere, mo mọ̀ pé ọ̀rọ̀ mi kò já mọ́ nǹkan kan, mo ya ìwé náà nìyẹn. Bí ẹsẹ̀ rẹ̀ bá dúró, ó gbọ́ nǹkan. Ìgbà mìíràn ó lè jẹ́ nǹkan rere.

Mo rántí ọjọ́ kan tí mo kọ ọ̀rọ̀ fún ìyá kan tí wọ́n mú ọmọ rẹ̀ pé ó jalè. Mo kà á: “Ọmọ mi, ìwà rẹ bà mí nínú jẹ́ gidigidi.” Maṣíìnì dúró.

“Ìyá ta nìyẹn, Bàbá Ìbejì?” A ti bí wọn nígbà náà.

“Ìyá olè ni.”

“Kí ló ń ṣe?”

“Ó ń ta epo.”

“Alépo tí wọ́n ti ọmọ rẹ̀ mọ́lé ló ń sọ ‘gidigidi’? Èmi tí mo jẹ́ tíṣà, ìgbà wo lẹ gbọ́ gidigidi lẹ́nu mi nínú ilé yìí?”

“Kí ni kí ó wá sọ?”

Ó ti òwú bọ ojú abẹ́rẹ́, ó ní, “Ẹ jẹ́ kó bi í bóyá ó ti jẹun.”

Mo pa gidigidi rẹ́, mo kọ “Ṣé o ti jẹun?” Nígbà tí wọ́n gbé fíìmù náà dé sinimá ní Dùgbẹ̀, tí ìyá náà fa ojú ọmọ rẹ̀ mọ́ irin ilẹ̀kùn, tí ó bi í pé ṣé o ti jẹun, ọkùnrin kan níwájú mi ní, “Ha, ìyá!” Mo bojú wẹ̀yìn wá Ìyá Ìbejì. Ó ń já òwú kan kúrò létí aṣọ rẹ̀.

Bẹ́ẹ̀ ni a ṣe ń ṣe é fún ọ̀pọ̀ ọdún. Ìgbà tó yá, fídíò dé. Kásẹ́ẹ̀tì fídíò kò wọ́n, bí o bá sì gba nǹkan sí i tí kò dáa, o lè gba òmíràn lé e lórí. Wọ́n tú àwọn òṣèré sílẹ̀. Olúkúlùkù tún ń sọ̀rọ̀ bí ó bá ṣe wù ú. Àwọn tí ń ṣe fíìmù ní ọ́fíìsì wọn ní Challenge á ní, “Bàbá, ẹ kọ ìtàn wá fún wa sójú ìwé kan ṣoṣo. Ọ̀rọ̀ á wá fúnra rẹ̀.” Mo ń kọ ojú ìwé kan. Nígbà tó ṣe, wọn ò fẹ́ ojú ìwé kan náà mọ́, wọ́n ní kí n kàn sọ ìtàn náà lórí fóònù.

Mo sọ fún Ìyá Ìbejì pé iṣẹ́ mi ti parí. Ó ní, “Ta ló sọ bẹ́ẹ̀? Ẹ máa kọ ọ́. Èmi ń gbọ́.”

Mo sì ń kọ ọ́ lóòótọ́. Gbogbo eré tí mo kọ lẹ́yìn ìgbà náà, ẹnì kan ṣoṣo ni ó gbọ́ wọn. Kò dùn mí. Ẹ jẹ́ kí n sọ òtítọ́, àwọn ọdún yẹn ni mo kọ èyí tí ó dára jù.

Lẹ́yìn náà ni àìsàn dé. Wọ́n fẹ́ ṣe iṣẹ́ abẹ fún un. A jí láàárọ̀ ọjọ́ kan ní Bódìjà, ó wẹ̀, ó di gèlè, ó bá mi sọ̀rọ̀ nígbà tí a ń dúró de ọkọ̀, a lọ. Kò padà wálé.

Ilé náà tóbi jù fún ènìyàn kan. Àwọn ìbejì wa ti lọ, ọkùnrin wà ní Kánádà, obìnrin wà ní ìlú ọba. Wọ́n ń pè mí lórí fóònù kí n lè rí ojú wọn. “Dádì, ṣé ẹ ti jẹun?” Mo ti jẹun. “Ṣé iná wà?” Iná wà. Àwòrán á dì, ẹnu ọmọ á là sílẹ̀ lójú fóònù láìsọ nǹkan kan, n ó sì gbé fóònù náà kalẹ̀. Mo máa ń tan rédíò sínú kíṣíìnì kí n sì lọ jókòó sí pálọ̀, kí ó lè dàbí ẹni pé ẹnì kan wà lọ́hùn-ún. Bí oníròyìn bá ní “Ẹ káàárọ̀ o,” mo ti dáhùn kí n tó rántí.

N kò kọ nǹkan kan mọ́. Ta ni n ó kà á sí létí?

Ohun tí ó wá ń bà mí lẹ́rù nìyí, ohun náà sì ni ó mú mi pè yín jókòó. Kò sí ohùn Ìyá Ìbejì níbì kan. Kò fẹ́ràn kí wọ́n máa gba ohùn òun sílẹ̀. Bí àwọn ọmọ bá gbé fóònù sókè, á ní kí wọ́n gbé e kúrò lójú òun. Àwọn ọmọ kò sì sí nílé láàárọ̀ ọjọ́ náà. Èmi nìkan ni mo mọ ohun tí ó sọ. Mo sì ti bẹ̀rẹ̀ sí í gbàgbé. Mo jí lọ́jọ́ kan, n kò mọ̀ mọ́ bóyá ọ̀rọ̀ iyọ̀ ni ó kọ́kọ́ sọ ni tàbí ọ̀rọ̀ iná. Mo dìde jókòó lórí bẹ́ẹ̀dì, mo ń tò ó, mo ń tú u. Mo rí i pé bí n kò bá wá ibi fi ọ̀rọ̀ náà sí, èmi àti òun la jọ ń lọ.

Inú ìrònú yẹn ni mo wà nígbà tí ọmọbìnrin kan wá kan ilẹ̀kùn mi. Ó kẹ́kọ̀ọ́ eré ṣíṣe ní yunifásítì, ó ń gbé ní Agbowó, fíìmù tí àwọn ènìyàn ń wò lórí fóònù ni ó ń darí. Ó kúnlẹ̀, ó kí mi, ó ní bàbá òun kò yé sọ̀rọ̀ àwọn fíìmù tí mo kọ. Ó ní òun fẹ́ ìtàn tí kò ní gba òṣèré púpọ̀.

“Ilé kan, sà. Arúgbó méjì. Ọjọ́ kan.”

“Mo ní in,” mo wí. “Ṣùgbọ́n bí mo bá ṣe kọ ọ́ ni wọ́n máa sọ ọ́.”

“Ẹ kọ́kọ́ kọ ọ́ ná, sà.”

“N ò ní kọ ọ́ títí tí wàá fi sọ pé bẹ́ẹ̀ ni.”

Ó rẹ́rìn-ín. “Bàbá, ẹ le o! Bẹ́ẹ̀ ni, sà. Bí ẹ bá ṣe kọ ọ́.”

Mo kọ ọ́. N kò sọ fún un pé kì í ṣe èmi ni mo ronú ìlà kankan nínú rẹ̀. Obìnrin kan àti ọkọ rẹ̀, láàárọ̀, wọ́n ń dúró de ọkọ̀ tí yóò gbé obìnrin náà lọ sí ilé ìwòsàn. Obìnrin náà ń sọ fún ọkọ rẹ̀ ohun tí ó wà níbi tí ó wà nínú ilé. Ọkọ ń dáhùn. Ọkọ̀ dé. Ó tán.

Ilé ẹ̀gbọ́n ìyá ọmọbìnrin náà ní Onírèké ni a ti yà á, ilé àtijọ́ kan tí igi máńgòrò wà níwájú rẹ̀. Nígbà tí òṣèré obìnrin tí wọ́n pè sọ̀kalẹ̀ nínú ọkọ̀, gbogbo àwọn tí ń kọjá lọ ti yọ fóònù láti yà á. Mo mọ̀ ọ́n lójú kan náà. Òun ni ọmọbìnrin ọjọ́sí tí ó sunkún tí róòlù fi tán. Ó ti di ìyá àgbà, ó ti sanra, ó ti di ẹni tí gbogbo Ìbàdàn mọ̀.

“Tíṣà!” ó pariwo. “Ṣé ẹ ṣì ń bẹ láyé?”

“Mo ń bẹ. Mo dúró kí n lè pa ọ́ lẹ́nu mọ́.”

“Ẹ ò rí mi mú nígbà tí egungun yín le, ìsinsìnyí lẹ máa wá rí mi mú?”

Gbogbo wa rẹ́rìn-ín. Ọkùnrin tí yóò ṣe ọkọ náà wà níbẹ̀, àgbà òṣèré ni òun náà, ó ń yẹ ìwé eré wò. “Bàbá,” ó wí fún mi, “iṣẹ́ lẹ gbé fún mi, ẹ ò gbé ọ̀rọ̀ fún mi. ‘Mo ti gbọ́.’ ‘Ó yá.’ Ṣé kí n ṣì lọ kọ́ ọ sórí ni?”

Wọ́n tan iná. Olùdarí ní ó yá. Òṣèré mi wo ọkọ rẹ̀ lójú, ó gbé ọwọ́ lé orí.

“Ha! Ọkọ mi! Olówó orí mi! Bí n ò bá padà ńkọ́? Ta ni yóò máa ṣe ìtọ́jú rẹ? Ọlọ́run, ìwọ lo mọ̀ o! Má jẹ́ kí àwọn ọmọ mi fojú kan ìyà!” Ó kúnlẹ̀ wìì. Ó di ẹsẹ̀ ọkùnrin náà mú. Omi ojú ń dà. Ọmọ tí ń kun àtíkè fún wọn bẹ̀rẹ̀ sí í nu ojú tirẹ̀.

“Ó dúró!” olùdarí ké. “Mọ́mì, ẹ pa á! Ẹ pa wá!”

Àwọn tí ń tọ́jú iná ń pàtẹ́wọ́. Mo dìde.

“Kì í ṣe òun nìyẹn.”

“Kì í ṣe ta ni?” òṣèré náà bi mí láti orí ìkúnlẹ̀.

“Obìnrin inú ìwé. Kò sunkún. Iyọ̀ ni ó ń sọ.”

“Tíṣà! Obìnrin tí wọ́n fẹ́ lọ fi abẹ là nínú, iyọ̀ ló ń sọ? Àwọn tó ń wòran á ní orí rẹ̀ ò pé!”

Wọ́n tún rẹ́rìn-ín. Èmi kò lè rín in. A tún un ṣe. Ó sọ ọ̀rọ̀ iyọ̀ náà, ṣùgbọ́n ó fi àdúrà tẹ̀ lé e. A tún un ṣe lẹ́ẹ̀kan sí i. Ó fi àdúrà sílẹ̀, ó dá orin sí i. Gbogbo rẹ̀ ni ó dùn, ẹ má ṣì mí gbọ́, obìnrin náà mọ iṣẹ́ rẹ̀. Ṣùgbọ́n bí ó bá ti ń dùn sí i ni Ìyá Ìbejì ń jìnnà sí i. Olùdarí fà mí sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan.

“Sà, mo ṣèlérí, mo mọ̀. Ṣùgbọ́n òní nìkan ni mo ní wọn. Kí ni ká ṣe?”

Mo lọ jókòó sábẹ́ máńgòrò. Nígbà tí wọ́n pín oúnjẹ, òṣèré náà gbé àwo tirẹ̀ wá bá mi, ó fi àga kan jókòó tì mí. Kò ṣẹ̀fẹ̀ mọ́.

“Ìwé ò wọ orí mi mọ́, Tíṣà. Ẹ má sọ fún wọn. Bí mo bá ka ìlà kan, èyí tó ṣáájú ti jáde. Tí mo bá ń sọ tẹnu mi, kò sẹ́ni tó máa mọ̀.”

“Ó ti ṣe ọ́ tipẹ́?”

“Ó ti ń pẹ́.” Ó jẹun díẹ̀. “Ta ni obìnrin yìí sí yín? Ẹ ń ṣe bí ẹni tí mo ń bú ìyá rẹ̀.”

“Ìyàwó mi ni. Ohun tí ó sọ láàárọ̀ ọjọ́ tí ó lọ nìyẹn. Bí ó ṣe sọ ọ́ gan-an nìyẹn.”

Ó gbé àwo kalẹ̀. “Ẹ sì jókòó síbẹ̀ láti àárọ̀, ẹ jẹ́ kí n máa kọrin?”

“Kí ni kí n sọ?”

“Ẹ bá ti sọ ọ́ fún mi!” Ó wá ní, “Ẹ rántí bí ọ̀gá ṣe máa ń ṣe fún àwọn tó bá ṣẹ̀ṣẹ̀ wọ ẹgbẹ́? Nínú lọ́rì? Á sọ ọ́, wọ́n á sọ ọ́ tẹ̀ lé e. Ẹ jókòó sẹ́yìn kámẹ́rà kí ẹ máa sọ ọ́ fún mi. Ìlà kọ̀ọ̀kan. Bí ẹ bá ṣe sọ ọ́ ni mo máa sọ ọ́, mi ò ní fi àmín kan ṣoṣo lé e.”

A gbé àpótí ìjókòó kékeré kan sẹ́yìn kámẹ́rà fún mi. Ọ̀dọ́mọkùnrin tí ń gba ohùn sílẹ̀ ní, “Bàbá, ẹ jẹ́ kí ohùn yín tán pátápátá kí tiwọn tó bẹ̀rẹ̀, kí n lè rí ibi gé e.” Mo ní ó dáa. Wọ́n tan iná.

Mo sọ ọ́. Ó sọ ọ́ tẹ̀ lé mi.

“Bàbá Ìbejì, iyọ̀ ò sí nínú agolo iyọ̀ o. Ṣúgà ló wà níbẹ̀.”

Ó kan ọ̀rọ̀ ọkọ. Ọkùnrin náà la ẹnu. Ṣùgbọ́n ẹnu tèmi ti yára ju tirẹ̀ lọ. N kò mọ̀ ọ́n mọ̀. Mo gbọ́ tí ó jáde lẹ́nu mi: “Kí ló dé?” Ọkùnrin náà yíjú wò mí díẹ̀, ó pa ẹnu rẹ̀ dé. Olùdarí na ọwọ́ sókè pé kí ẹnikẹ́ni má dá a dúró.

“Àwọn èèrà ni. Wọ́n ti mọ agolo ṣúgà.”

“Iyọ̀ wá dà?”

“Ó wà nínú agolo tíì. Tí iná bá lọ, ẹ má lọ máa bá àwọn oníiná jà. Ẹ kọ́kọ́ wo mítà.”

“Mo ti gbọ́.”

“Ẹ̀wù tó wà lọ́rùn yín yẹn, ẹ má wọ̀ ọ́ wá wò mí o. Ọrùn rẹ̀ ti gbó. Àwọn nọ́ọ̀sì á ní n ò tọ́jú yín.”

“Èwo ni kí n wọ̀?”

“Èyí tí mo rán.”

“Gbogbo rẹ̀ náà lo rán.”

“Ẹ wá wọ gbogbo rẹ̀.”

Ohùn rẹ̀ kò jọ ti Ìyá Ìbejì. Ó nípọn jù, ohùn ẹni tí ó ti pariwo lórí ìtàgé ni. Ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ náà wá láti iwájú mi, kò wá láti inú mi. Láti ọjọ́ tí ó ti lọ, inú mi nìkan ni ó ti ń wá. Òṣèré náà kò wo ọkọ rẹ̀ mọ́, orí èjìká ọkùnrin náà ni ó ń wò kọjá, sí ibi tí mo jókòó sí.

“Ọkọ̀ ti dé. Ẹ jẹ́ ká máa lọ.”

“Ó yá,” mo wí.

Kò sí ẹni tí ó ní kí a dúró. Ìgbà tí ó ṣe, olùdarí fi etí gèlè rẹ̀ nu imú, ó ní, “Ó tán, sà.”

Ọkùnrin tí ó ṣe ọkọ náà ní ibòmíràn tí ó ń lọ ní Apẹ̀tẹ̀, kò lè dúró kí a tún tirẹ̀ gbà. Olùdarí ní kí n má ṣèyọnu, wọn yóò gé ohùn mi kúrò, àwòrán náà sì dára bẹ́ẹ̀, kí ọkùnrin náà dákẹ́ kí obìnrin máa sọ̀rọ̀. Mo gbà. Inú mi dùn lọ́jọ́ náà. Mo rò pé ibi kan yóò wà tí gbogbo rẹ̀ yóò pé sí. Nígbà tí mo sọ fún un lẹ́yìn náà pé kí ó fún mi ní èyí tí ohùn mi wà nínú rẹ̀, ó bẹ̀rẹ̀ sí í bẹ̀ mí. Ó ní wọ́n ti pa ohun tí ó wà lórí káàdì kámẹ́rà náà rẹ́, nítorí iṣẹ́ mìíràn tí wọ́n gbà.

“Bẹ́ẹ̀ la máa ń ṣe é, sà. Ẹ ò sọ fún mi pé ẹ fẹ́ ẹ.”

Ó fẹ́ sunkún. Mo ní kí ó má sunkún. Ìlérí tí ó ṣe fún mi, ó mú un ṣẹ, ọ̀rọ̀ Ìyá Ìbejì kò yí padà.

Fíìmù náà jáde. Àwọn ènìyàn wò ó, wọ́n fẹ́ràn rẹ̀. Mo wà níbi tí wọ́n ti ń tún fóònù ṣe ní Ring Road, mo gbọ́ tí ọmọbìnrin méjì ń wò ó pọ̀.

“Wo bàbá yìí bíi gedú! Ìyàwó ń lọ ṣe iṣẹ́ abẹ, kò lè dá a lóhùn!”

“Irú wọn kọ́ ló kún ilé wa? Màmá ń sọ̀rọ̀, bàbá ń wo ògiri.”

“Ọlọ́run má jẹ́ n fẹ́ irú ẹ̀.”

Mo gba fóònù mi, mo jáde. Ọkùnrin tí ó ṣe ọkọ náà pè mí láàárín ọ̀sẹ̀. “Tíṣà, ẹ ti bà mí jẹ́ o! Mo dé ṣọ́ọ̀ṣì, wòlíì obìnrin wa dá mi dúró lẹ́nu ọ̀nà, ó ní òun fẹ́ gbàdúrà kí Ọlọ́run yọ ọkàn òkúta kúrò láyà mi. Nínú aṣọ funfun mi! Ìyàwó mi ń ṣe àmín!”

Mo rẹ́rìn-ín títí ikọ́ fi mú mi.

Ọmọkùnrin mi pè láti Kánádà. Ó ti wò ó. Ó ní ibi tí ó ti gbọ́ ọ̀rọ̀ èèrà àti ṣúgà, òun pariwo, “Mọ́mì!” títí àwọn ọmọ òun fi sáré wọlé. Ó rẹ́rìn-ín. Ó wá ní, “Dádì, ẹ jọ̀ọ́, ṣé ẹ ò dá wọn lóhùn lóòótọ́ ni?”

“Mo dáhùn,” mo wí.

“Kí lẹ wí?”

Mo bẹ̀rẹ̀ sí í sọ ọ́ fún un. Mo sọ ti èèrà, mo sọ ti iyọ̀, mo sọ ti ẹ̀wù. Nígbà tí mo wojú fóònù, àwòrán ti dì, n kò sì mọ ibi tí ó ti gbọ́ mi dé. Nígbà tí ó tún pè, ọ̀rọ̀ ilé ìwé àwọn ọmọ rẹ̀ ni ó ń sọ.

Báyìí ni a ṣe pín ogún Ìyá Ìbejì nígbà tí gbogbo rẹ̀ parí. Olùdarí mi jogún iṣẹ́, wọ́n rí fíìmù náà ní Èkó, wọ́n ránṣẹ́ pè é, ó sì ti kó lọ. Òṣèré obìnrin jogún agolo ṣúgà. Ó ń sọ ọ́ báyìí nínú gbogbo fíìmù tí wọ́n bá pè é sí, àwọn olùdarí mìíràn ni wọ́n sì ń bẹ̀ ẹ́ pé kó sọ ọ́. Ọ̀rọ̀ tí kò dúró lórí rẹ̀ nígbà tí ó ń kà á ti dúró báyìí. Òṣèré ọkùnrin jogún èébú, ó ní bàbá olórí kunkun ni gbogbo ènìyàn ń pe òun wá ṣe, iṣẹ́ sì ń wọlé. Ọmọbìnrin mi kò tíì wò ó. Ó ní òun ń dúró de ọjọ́ tí òun yóò lè wò ó, tirẹ̀ ṣì wà nílẹ̀ dè é. Ti ọmọkùnrin mi, ìyàwó rẹ̀ ni ó sọ ọ́ fún mi: ọkọ òun ti da ṣúgà sínú agolo iyọ̀, bẹ́ẹ̀ èèrà kan ṣoṣo kò sí nílé àwọn.

Ìdáhùn ni ó kan èmi. Èyí tí wọ́n gé kúrò. Kí ló dé? Iyọ̀ wá dà? Mo ti gbọ́. Èwo ni kí n wọ̀? Gbogbo rẹ̀ náà lo rán. Ó yá. Mo ń sọ wọ́n nínú ilé ní Bódìjà, tí mo bá ń wá iyọ̀, tí mo bá ń wo mítà, bí wọ́n ṣe tò tẹ̀ lé ara wọn gẹ́lẹ́. Kò sí ẹni tí ó bá mi du wọ́n.